Ọjọ́ Kẹjọ: Bí Kọ̀ǹpútà Ṣe Ń Ka Ìgbà àti Bí Àwa Ṣe Ń Kà Á



Ó ṣeé ṣe kí ó ya ẹlòmíràn lẹ́nu pé olùkọ́ lítíréṣọ̀ ni ó dìde láti sọ̀rọ̀ lórí fáìlì inú kọ̀ǹpútà. Èmi náà kò gbèrò rẹ̀ rí. Ìkómọjáde kan tí a ṣe nílé wa ní Ìlá Ọ̀ràngún ni ó fa ọ̀rọ̀ náà wá.

Aya ọmọ àbúrò mi kan bímọ ní Ìlá ní ọ̀sán ọjọ́ Ajé. Ọmọkùnrin yìí, iṣẹ́ kíkọ ètò fún kọ̀ǹpútà ni ó ń ṣe jẹun ní Èkó. Ìyá rẹ̀ sọ fún un pé ọjọ́ kẹjọ ni a ó kó ọmọ jáde. Ó ní ètò kékeré kan tí ó kọ fúnra rẹ̀, tí ó fi máa ń fi ìpè ránṣẹ́ sí àwọn ẹbí. Ó tẹ ọjọ́ ìbí ọmọ sí i, ó ní kí ó fi ọjọ́ 8 kún un, ìpè sì tàn dé Ìbàdàn, Èkó àti Lọ́ńdọ̀nù kí ilẹ̀ tó ṣú. Nígbà tí Ajé kejì pé, àwọn àgbà ilé jókòó. Omi, oyin, iyọ̀, obì, orógbó àti ataare wà nílẹ̀. Ṣùgbọ́n bàbá ọmọ kò sí níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀gbọ́n bàbá mi, tí ó ti lé ní 80 ọdún, tí gbogbo wa ń retí pé òun ni yóò kọ́kọ́ pe ọmọ lórúkọ, ṣì wà nílé ọmọ rẹ̀ ní Èkó. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni ètò náà kọ ránṣẹ́ sí i. Gbogbo ọ̀sẹ̀ ni a ti ń sọ lórí fóònù pé ‘ọjọ́ kẹjọ, ọjọ́ kẹjọ’, kò sì sí ẹnì kan nínú wa tí ó dárúkọ Ajé.

Àwọn àgbà kò gbà kí a sún ọjọ́ náà. Ìrọ̀lẹ́ ni àwọn ará Èkó tó wọlé. Orúkọ tí Bàbá Àgbà gbé bọ̀ jẹ́ orúkọ baba ńlá wa kan tí òun nìkan ni ó kù tí ó mọ ìtàn rẹ̀. Wọ́n fi kún èyí tí a ti sọ ọmọ náà, ṣùgbọ́n kì í ṣe òun ni ó ṣáájú, a kò sì rí i nínú ìwé ìbí ọmọ náà títí di òní.

Nígbà tí mo bá ọmọ àbúrò mi wí, ó dá mi lóhùn pé, ‘Bàbá, ẹ má bínú, ṣùgbọ́n kọ̀ǹpútà kò ṣìṣe. Mẹ́jọ ni ẹ ní kí n kà, mẹ́jọ náà ni ó kà.’ Òótọ́ ni ó sọ. Mo ní kí ó ṣí ibi tí kíkà náà ti ń wáyé hàn mí, ó sì ṣí i. Láti ìgbà náà ni mo ti ń ka àwọn fáìlì wọ̀nyí gẹ́gẹ́ bí mo ṣe ń ka ìwé yòówù tí ó bá bọ́ sí mi lọ́wọ́: mo ń wo ẹni tí ó sọ̀rọ̀, ibi tí ó dúró sí sọ ọ́, àti ohun tí ó rò pé kò pọn dandan kí òun sọ.

Kí a tó dé ọ̀dọ̀ fáìlì, ẹ jẹ́ kí a wo ohun tí ẹ̀rọ fúnra rẹ̀ mọ̀ nípa ìgbà. Kò mọ púpọ̀. Ègé òkúta dídán kan tí wọ́n ń pè ní quartz wà nínú rẹ̀, iná bátìrì a sì máa mú kí ó gbọ̀n. Èyí tí ó wà nínú aago ọwọ́, tí irú rẹ̀ sì ń ṣọ́ ìgbà nínú kọ̀ǹpútà nígbà tí a bá pa á, a máa gbọ̀n ní ìgbà 32,768 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Wọn kò ṣèèṣì mú iye yẹn: bí a bá pín in sí méjì, tí a tún pín èyí tí ó kù sí méjì, tí a ṣe bẹ́ẹ̀ ní ìgbà 15, ẹyọ kan ni yóò kù, ẹyọ kan náà sì ni ìṣẹ́jú àáyá kan. Iṣẹ́ ẹ̀rọ kò ju kí ó máa ka ẹyọ wọ̀nyí lọ.

Ẹni tí ó bá ń kà gbọ́dọ̀ ní ibi tí ó ti bẹ̀rẹ̀. Àwọn tí ó ṣe ètò Unix ní Amẹ́ríkà fi ìbẹ̀rẹ̀ tiwọn sí ọ̀gànjọ́ tí ọjọ́ 1 oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 1970 bẹ̀rẹ̀ ní aago Greenwich, ọ̀pọ̀lọpọ̀ ẹ̀rọ ayé ni ó sì tẹ̀lé wọn. Kò sí ohun pàtàkì kan tí ó ṣẹlẹ̀ lóru ọjọ́ náà tí wọ́n torí rẹ̀ mú un. Ó kàn rọ̀ wọ́n lọ́rùn ni. Ní ilẹ̀ wa níhìn-ín, ogun abẹ́lé kò tíì parí lóru náà; ọjọ́ 15 oṣù kan náà ni ó parí. Àpótí tí wọ́n kọ́kọ́ ṣe fún iye yìí kò sì tóbi. Kò lè gbà ju 2,147,483,647 lọ. Ní ọjọ́ 19 oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 2038, ní aago mẹ́rin ìdájí kọjá ìṣẹ́jú 14 àti ìṣẹ́jú àáyá 7 ní aago tiwa, àpótí náà yóò kún. Ẹ̀rọ tí ó bá ṣì ń lò ó nígbà náà yóò ta kìtì padà sẹ́yìn, yóò gbà pé oṣù Ọ̀pẹ̀ ọdún 1901 ni òun wà, ọdún tí wọ́n ṣí ọ̀nà ọkọ̀ ojú irin láti Èkó dé Ìbàdàn. Àwọn ẹ̀rọ tuntun ti ń lo àpótí tí kò ní kún lójú ẹnikẹ́ni. Àwọn ẹ̀rọ àtijọ́ tí a ti kàn mọ́ ògiri ilé iṣẹ́, tí a kò sì rántí mọ́, ni ọ̀rọ̀ náà kù sí lọ́rùn.

Láti inú iye gbọọrọ yìí, ta ni ń yọ Ajé, ta ni ń yọ aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́? Àwọn fáìlì ni. Ẹni tí ń kọ ètò kì í ṣe iṣẹ́ yìí látìbẹ̀rẹ̀. Ó máa ń yá a lò láti inú àkójọ tí àwọn ẹlòmíràn ti kọ sílẹ̀ dè é. Láíbìrì ni wọ́n ń pe irú àkójọ bẹ́ẹ̀. Èmi yóò máa pè é ní àká, nítorí pé bí a ṣe ń bu àgbàdo nínú àká láìbéèrè ẹni tí ó gbìn ín ni wọ́n ṣe ń bu ú lò.

Ọ̀kan nínú èyí tí ó dàgbà jù ni fáìlì tí ń jẹ́ time.h, tí ó jẹ́ ti èdè C. Mo kà á, mo rẹ́rìn-ín. Ọjọ́ inú oṣù, 1 ni ó ti ń kà á dé 31, bí gbogbo ènìyàn. Ṣùgbọ́n oṣù, 0 ni ó ti bẹ̀rẹ̀: Ṣẹ́rẹ́ jẹ́ òfo, Ọ̀pẹ̀ jẹ́ 11. Ọdún ńkọ́? Láti 1900 ni ó ti ń kà á, tí 2038 fi jẹ́ 138. Ọ̀nà kíkà mẹ́ta ni ó wà nínú ilé kan ṣoṣo, kò sì sí èyí tí ó bínú sí èkejì. Nítorí náà, ẹni tí ó bá sọ fún mi pé ọ̀nà tí kọ̀ǹpútà ń gbà kà ni ọ̀nà tí ó bọ́gbọ́n mu, tí ti àwọn àgbà Ìlá sì lọ́ pọ̀, èmi yóò ní kí ó lọ ka time.h.

Báwo wá ni àwa ṣe ń kà? Ọjọ́ tí nǹkan bá ṣẹlẹ̀ gan-an ni ọjọ́ kìíní. Ajé tí a bí ọmọ ni ọ̀kan, Ìṣẹ́gun ni èjì, Ọjọ́rú ni ẹ̀ta, títí Ajé yóò fi tún dé tí yóò jẹ́ ẹ̀jọ. Kọ̀ǹpútà, tí a ní kí ó fi 8 kún Ajé, fo ọjọ́ ìbí, Ìṣẹ́gun ni ó sì dúró sí. Kì í ṣe ìkómọjáde nìkan. Èdè wa kún fún un. A ń sọ pé ìjẹta, ẹ̀ta sì wà nínú orúkọ náà, bẹ́ẹ̀ ọjọ́ méjì péré ni ó wà láàárín ìjẹta àti òní. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìjẹrin. Ọjà tí ń padà bọ̀ ní ọjọ́ mẹ́rin-mẹ́rin ni a ń pè ní ọjà ọrọọrún, àrún sì ni a gbọ́ nínú rẹ̀. Ìtàdógún, ẹ̀tàdínlógún ni. Ọjọ́ 16 ni ó wà láàárín ọ̀kan àti èkejì.

Ẹ má ṣe jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé àwa nìkan ni a ń kà báyìí. Faransé tí àwọn ará wa ní Benin ń sọ a máa pe ọ̀sẹ̀ kan ní ọjọ́ 8, a sì máa pe ọ̀sẹ̀ méjì ní ọjọ́ 15. Àwọn ará Róòmù àtijọ́ ń ná ọjà ní ọjọ́ mẹ́jọ-mẹ́jọ, ṣùgbọ́n nundinae ni orúkọ tí wọ́n fún un, mẹ́sàn-án ni ó sì wà nínú ọ̀rọ̀ náà. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí wa ní Ìlá ti ṣẹlẹ̀ sí wọn rí. Nígbà tí Julius Caesar tún kàlẹ́ńdà wọn ṣe, tí ó sì lo kàlẹ́ńdà tuntun náà láti ọdún 45 ṣáájú ìbí Jésù, ó pàṣẹ pé kí wọ́n máa fi ọjọ́ kan kún ọdún kẹrin-kẹrin. Àwọn àlùfáà tí iṣẹ́ náà wà lọ́wọ́ wọn ka ọdún kẹrin bí a ṣe ń ka ọjọ́ kẹjọ, wọ́n ka èyí tí wọ́n dúró sí mọ́ ọn, ọdún mẹ́ta-mẹ́ta ni wọ́n sì ń fi ọjọ́ náà kún un. Ó ju 30 ọdún lọ kí Ọba Augustus tó dá wọn dúró. Àṣìṣe ọmọ àbúrò mi ni, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ó gba ọ̀nà kejì wọlé.

Mo fẹ́ sọ̀rọ̀ ṣókí lórí aago tí ẹ̀rọ fi ń dúró de nǹkan, nítorí pé ibẹ̀ ni mo ti rí i pé àwọn tí ó kọ àká yìí ronú jinlẹ̀. Aago méjì ni wọ́n fi sínú rẹ̀. Èkíní ni ó ń sọ aago tí ó lù. A lè tún un ṣe, nítorí pé kò sí quartz tí kì í sáré tàbí falẹ̀ díẹ̀, kọ̀ǹpútà a sì máa bi àwọn ẹ̀rọ mìíràn léèrè aago kí ó lè tún tirẹ̀ ṣe, nípasẹ̀ ọ̀nà tí David Mills ti Yunifásítì Delaware gbé kalẹ̀ ní 1985. Èkejì kò mọ ọjọ́, kò mọ ọdún. Ìwọ̀n ìgbà tí ó ti kọjá nìkan ni ó mọ̀, kì í sì í padà sẹ́yìn láéláé. Bí ètò kan bá fẹ́ dúró fún ìṣẹ́jú àáyá 30, tí ó sì fi aago èkíní wọ̀n ọ́n, bí ẹnì kan bá fa aago náà sẹ́yìn ní ìṣẹ́jú kan lákòókò náà, ìṣẹ́jú kan àti ààbọ̀ ni yóò dúró. Èdè Yorùbá mọ ìyàtọ̀ yìí. Ẹni tí ó ní ‘nígbà tí oòrùn wà ní àtàrí’ ń lo aago èkíní. Ẹni tí ó ní ‘kí iṣu tó jiná’ ń lo èkejì. Ìṣẹ́jú pàápàá, tí a fi ń wọn wákàtí lónìí, ṣíṣẹ́ ojú ni. Wákàtí ni ó ti èdè Lárúbáwá gba ọ̀dọ̀ àwọn Hausa wá bá a.

Mo wá dé orí fáìlì tí mo fẹ́ràn jù. Òun ni ó ń sọ fún ẹ̀rọ bí aago ibi kọ̀ọ̀kan ṣe yàtọ̀ sí ti Greenwich. Arthur David Olson ni ó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní Amẹ́ríkà láàárín 1980 sí 1989. Paul Eggert ni ó gba ìtọ́jú rẹ̀ lẹ́yìn náà. Láti 2011 ni ó sì ti wà lábẹ́ àjọ IANA. Fóònù tí ó wà nínú àpò yín ń kà á. Kì í pe ibi kan ní orúkọ orílẹ̀-èdè tàbí ìpínlẹ̀. Orúkọ ìlú ńlá ni ó ń lò, nítorí pé orúkọ ìlú kì í tètè yí padà. Ìlá ti wà ní Ẹkùn Ìwọ̀-Oòrùn, ó ti wà ní Ìpínlẹ̀ Ìwọ̀-Oòrùn, ó bọ́ sí Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ ní 1976, ó bọ́ sí Ọ̀ṣun ní 1991. Ní 1991 kan náà ni olú-ìlú orílẹ̀-èdè kó lọ sí Àbújá. Fáìlì náà kò mira. Africa/Lagos ni ó ń pè wá, Ìlá wà nínú rẹ̀, Kánò wà nínú rẹ̀.

Ìlà márùn-ún péré ni ó fi sọ ìtàn aago wa. Èkíní sọ pé aago Èkó fi ìṣẹ́jú 13 àti ìṣẹ́jú àáyá 35 ṣáájú ti Greenwich, gẹ́gẹ́ bí oòrùn ṣe wí. Èkejì sọ pé ní ọjọ́ 1 oṣù Agẹmọ ọdún 1905, ìjọba gba aago Greenwich, gbogbo ẹni tí ó ní aago sì ní láti fà á sẹ́yìn. Ẹ̀kẹta sọ pé ní ọjọ́ 1 oṣù Agẹmọ ọdún 1908, wọ́n padà sí ti oòrùn. Ẹ̀kẹrin bọ́ sí ọjọ́ 1 oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 1914, ọjọ́ tí Lugard so Gúúsù pọ̀ mọ́ Àríwá: ààbọ̀ wákàtí ni aago Nàìjíríà tuntun fi ṣáájú Greenwich. Ẹ̀karùn-ún ni ti ọjọ́ 1 oṣù Owewe ọdún 1919, tí ó di wákàtí kan gbáko, èyí tí a ń lò di òní. Títí di ìparí 2020, ìlà méjì ni fáìlì náà ní fún wa, èkíní àti ìkarùn-ún. Ẹnì kan lọ tú àwọn ìwé ìròyìn Èkó àtijọ́, Lagos Weekly Record ti 1905 àti Lagos Standard ti 1908, ó rí ìkéde ìjọba níbẹ̀, ó sì kọ̀wé sí àwọn olùtọ́jú. Ìwé Lagos Standard náà kò fi inú dídùn sọ ọ́: kò tíì pẹ́ tí aago tuntun mọ́ àwọn ènìyàn lára, a tún ní kí wọ́n fi í sílẹ̀. Àròyé àwọn ará Èkó ti wà nínú kọ̀ǹpútà gbogbo ayé báyìí, ní ẹ̀gbẹ́ àwọn ìlà márùn-ún yẹn.

Ẹ jẹ́ kí a gbé e dé Ìlá. Wákàtí kan tí a fi ṣáájú Greenwich jẹ́ ti ibi tí ó wà lórí ìlà 15 ìhà ìlà-oòrùn, ìlà náà sì kọjá lẹ́yìn ààlà Nàìjíríà. Ìlá kò dé ìlà 5. Bí a bá fi oòrùn ṣe é, nǹkan bí 20 ìṣẹ́jú ni Ìlá fi ṣáájú Greenwich, ó sì fi nǹkan bí 6 ṣáájú Èkó. Nítorí náà, nígbà tí oòrùn bá wà ní àtàrí ní àárín ọjà Ìlá, aago yóò ti sọ pé méjìlá ti kọjá ní nǹkan bí 40 ìṣẹ́jú. Àgbẹ̀ tí ó ní ọ̀sán kò tíì pọ́n nígbà tí aago lu méjìlá, òun ni ó tọ̀nà.

Ti àwọn ará wa ní òdìkejì ààlà tún yani lẹ́nu jù. Dahomey gba aago Greenwich ní 1912, kò sì kúrò níbẹ̀ títí di oṣù Èrèlè 1934. Láti 1919 títí di ìgbà náà, ọdún 14 àti oṣù díẹ̀, ará Kétu tí ó bá rékọjá wá sí Ìmẹ̀kọ láti kí ẹbí rẹ̀ yóò pàdánù wákàtí kan lójú ọ̀nà, yóò sì tún un rí nígbà tí ó bá ń lọ sílé. Lónìí, fáìlì náà darí Benin sí Africa/Lagos, ó sì darí Togo sí Abidjan. Àwọn ẹ̀yà wa ní Atakpamé fi wákàtí kan wà lẹ́yìn wa. Àwọn tí ó wà ní Lọ́ńdọ̀nù ń bá wa dọ́gba nígbà ẹ̀ẹ̀rùn tiwọn, wọ́n sì ń fi wákàtí kan padà sẹ́yìn nígbà òtútù. Fáìlì náà ń ṣe gbogbo èyí láìṣìṣe.

Ibi tí ó kù sí ni èdè. Àká mìíràn wà tí a kó orúkọ ọjọ́ àti oṣù gbogbo èdè sí, CLDR ni wọ́n ń pè é. Yorùbá wà níbẹ̀: Àìkú, Ajé, Ìṣẹ́gun, Ṣẹ́rẹ́, Èrèlè. Ti Benin wà lọ́tọ̀, pẹ̀lú álífábẹ́ẹ̀tì tí wọ́n fi ń kọ ọ́ níbẹ̀. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn tí ó ṣe é. Ṣùgbọ́n nínú ẹ̀dà tí mo rí, ìdajì èkíní ọjọ́ ni Àárọ̀, ìdajì kejì ni Ọ̀sán, tí aago mọ́kànlá òru fi jẹ́ aago mọ́kànlá ọ̀sán. Ọmọdé kan kò ní sọ bẹ́ẹ̀ ní Ìlá. Kàlẹ́ńdà àwọn ará Ethiopia wà nínú àká, ti àwọn Kóòbù Íjíbítì, ti Mùsùlùmí àti ti Júù wà níbẹ̀, ẹ̀rọ sì lè fi wọ́n ka ọjọ́. Ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́rin tiwa, Ọjọ́ Ọ̀sẹ̀, Ọjọ́ Awo, Ọjọ́ Ògún àti Ọjọ́ Jàkúta, èmi kò bá a níbẹ̀. Kì í ṣe pé ó le. Bí a bá mọ ọjọ́ kan ṣoṣo tí ọjà ìlú kan bọ́ sí, a ó ka iye ọjọ́ tí ó ti kọjá láti ìgbà náà, a ó pín in sí mẹ́rin. Bí nǹkan kan kò bá ṣẹ́kù, ọjọ́ ọjà ni. Ọmọ àbúrò mi ti kọ ọ́ fún ìyá rẹ̀ tí ń ná ọjà. Ìlà mẹ́ta ni. Èyí tí ó kù ni kí ẹnì kan ní ẹ̀ka ìmọ̀ wa jókòó, kí ó kọ ọ́ ní ìlànà tí àwọn olùtọ́jú àká yóò gbà, bí ẹni tí ó tú ìwé ìròyìn Èkó ti ṣe. Mo rò pé iṣẹ́ tiwa ni ju ti àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ lọ, nítorí pé àwa ni a ní ìwé tí a ó fi jẹ́rìí.

Ọmọ náà ti tún ètò ìpè rẹ̀ ṣe. Bí a bá kọ ‘ọjọ́ kẹjọ’ sí i báyìí, 7 ni ó ń fi kún un, ó sì ń dárúkọ ọjọ́ náà gbangba. Ní ọdún tí ó kọjá, ìyàwó rẹ̀ tún bímọ, ní nǹkan bí aago mẹ́rin ìdájí. Kọ̀ǹpútà ní Ọjọ́bọ ti bẹ̀rẹ̀ láti ọ̀gànjọ́. Ó pè mí láti Èkó pé kí ni kí òun tẹ̀ sí i, Ọjọ́rú ni tàbí Ọjọ́bọ. Mo pe Bàbá Àgbà. Ó dákẹ́ díẹ̀, ó wá ní kí n béèrè lọ́wọ́ ìyá ọmọ bóyá àkùkọ ti kọ.